Fífa àpáta yọ lára igi

Bó bá jẹ́ àpáta Ọ̀yọ́-Ilé lo fẹ́ fà yọ lára igi, ìyẹn ni pé kí o fi igi gbẹ́ ère tó ń múni rántí rẹ̀, má wulẹ̀ gbẹ́ àpáta bó ṣe rí gẹ́lẹ́. Ibi tí òjò ti fọ̀ ọ́ dán àti ibi tó ti là ni kí o mú. Fi ìyókù sílẹ̀. Igi ọmọ̀ ló dáa, ó rọ̀ lọ́wọ́.

Ìpele mẹ́rin ni gbẹ́nàgbẹ́nà mọ̀: ọnà lílé (gígé ìrísí ńláńlá jáde lára igi), àlétúnlé (pípín ìrísí náà sí kéékèèké), dídán (mímú ojú rẹ̀ jọ̀lọ̀), fínfín (fífi ọ̀bẹ ya ọnà wẹ́wẹ́ sí i lára). Nínú iṣẹ́ tí kò lójú tí kò nímú, ọnà lílé ló gba làákàyè jù. Fínfín ńkọ́? Díẹ̀ ti tó, àṣejù níbẹ̀ ló ń sọ àpáta di igbá fífín.

Ọyẹ́ lọ̀tá. Orí àti ìdí igi tí a gé máa ń gbẹ ṣáájú àárín, ibẹ̀ ló ti ń sán. Fi ọ̀dà kùn wọ́n, kí o sì gbẹ́ ọkàn igi dànù láti ìsàlẹ̀. Bí o bá dáwọ́ dúró lálẹ́, fi àpò tútù bò ó.