Ebè Tó Kù Lẹ́gbẹ̀ẹ́ Òkè ní Connemara

Ọdún mẹ́sàn-án ni mo ti lò ní Dublin kí n tó fi ojú kan apá ìwọ̀-oòrùn Ireland, bí kì í bá sì ṣe ti màámi tí wọ́n wá kí wa láti Ìbàdàn nínú oṣù karùn-ún, bóyá n kì bá tí dé ibẹ̀ títí di òní. Àwọn sisita ará Ireland ni wọ́n kọ́ màámi ní ilé-ẹ̀kọ́ girama. Ọ̀kan nínú wọn, tí ó ń kọ́ wọn ní jọ́gíráfì, a máa ya òkè àti adágún omi ìlú tirẹ̀ sí ojú pátákó nígbàkúùgbà tí àárò ilé bá ń sọ ọ́. Ó ti lé ní àádọ́ta ọdún tí orúkọ kan láti ojú pátákó náà ti wà lọ́kàn màámi: Connemara. “Àjọkẹ́, ibẹ̀ ni kí o mú mi lọ,” ni wọ́n wí ní alẹ́ ọjọ́ kejì tí wọ́n dé, kí wọ́n tó béèrè ohunkóhun nípa Dublin.

A wọ reluwé lọ sí Galway ní ọjọ́ tí ó ṣáájú ìrìn-àjò náà, a sì sùn síbẹ̀. Àwọn bọ́ọ̀sì kan wà tí wọ́n máa ń gbéra láti Dublin ní kùtùkùtù tí wọ́n sì ń kó èrò padà lálẹ́ ọjọ́ kan náà, ṣùgbọ́n n kò lè gba ẹni tí ó bá ń mú àgbàlagbà rìn ní ìmọ̀ràn bẹ́ẹ̀, nítorí ojú ọ̀nà márosẹ̀ ni wọn yóò ti lo púpọ̀ nínú ọjọ́ náà, níbi tí kò ti sí ohun wíwò kan lọ títí. Ẹni tí ó bá ti jí ní Galway kò ní í rìn jìnnà kí òkè tó bẹ̀rẹ̀ sí í yọ.

Awakọ̀ wa náà ni amọ̀nà wa. Ọkùnrin tí irun orí rẹ̀ ti funfun ni, ọmọ bíbí Connemara, ó fi ẹ̀rọ gbohùngbohùn kékeré kọ́ etí, ó ń wakọ̀, ó sì ń sọ̀rọ̀ lọ́wọ́ kan náà. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kí ó fún màámi ní ìjókòó iwájú, ó sì gbà lójú ẹsẹ̀. Kí ọkọ̀ tó gbéra, ó kí gbogbo wa ní èdè Gaeilge, èdè àbáláyé àwọn ará Ireland: “Dia daoibh.” Ó ṣàlàyé pé Ọlọ́run ni a fi ń kí ènìyàn bẹ́ẹ̀, pé bí ó bá jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo ni à ń kí, “Dia duit” ni à ń wí, àti pé ẹni tí a bá kí gbọ́dọ̀ fi orúkọ Màríà kún ti Ọlọ́run nígbà tí ó bá ń dáhùn: “Dia is Muire duit.” Inú màámi dùn púpọ̀. Ìkíni tí ìdáhùn rẹ̀ gùn ju òun fúnra rẹ̀ lọ kì í ṣe àjèjì sí ọmọ Yorùbá. Wọ́n dá a lóhùn sókè, wọ́n sì sọ fún un pé Patrick Mímọ́ tí àwọn ará Ireland ń ṣe àjọ̀dún rẹ̀ ni ẹni mímọ́ alábòójútó Nàìjíríà náà láti ọdún 1961, nítorí bí àwọn fadá àti sisita tí ó ti Ireland wá sí ọ̀dọ̀ wa ṣe pọ̀ tó. Ọkùnrin náà ní òun kò gbọ́ ọ rí, ó sì tún un sọ fún gbogbo èrò ọkọ̀ nínú ẹ̀rọ gbohùngbohùn rẹ̀.

Bí a ṣe jáde ní Galway tí a sì ń gba ẹ̀gbẹ́ Lough Corrib lọ, adágún omi tí kò sí èyí tí ó tóbi tó o ní Orílẹ̀-èdè Olómìnira Ireland, ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ fún wa nípa pátákó ojú ọ̀nà. Èdè méjì ni ó máa ń wà lára wọn, Gaeilge lókè, Gẹ̀ẹ́sì nísàlẹ̀, ṣùgbọ́n nígbà tí a wọ agbègbè tí wọ́n ń pè ní Gaeltacht, níbi tí àwọn ènìyàn ṣì ń fi Gaeilge sọ̀rọ̀ nínú ilé wọn, Gẹ̀ẹ́sì pòórá lára pátákó. Mo ti rí irú àwọn pátákó bẹ́ẹ̀ rí nínú àwòrán, n kò sì fi ṣe nǹkan. Amọ̀nà wa ni ó jẹ́ kí n mọ̀ pé láàárín ọdún 1824 sí 1846 ni àwọn ológun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wọn gbogbo ilẹ̀ Ireland láti ya máàpù rẹ̀, pé ìgbà náà ni wọ́n kọ orúkọ àwọn ìlú sílẹ̀ bí etí Gẹ̀ẹ́sì ṣe gbọ́ ọ, tí ọ̀pọ̀ orúkọ sì di ìró lásán tí kò nítumọ̀ mọ́. Oríta kan wà tí Gẹ̀ẹ́sì ń pè ní Maam Cross. An Teach Dóite ni Gaeilge ń pè é, ìyẹn Ilé Tó Jóná. Ibi tí à ń lọ gan-an, Kylemore, kò túmọ̀ sí ohunkóhun ní Gẹ̀ẹ́sì, ṣùgbọ́n An Choill Mhór ni orúkọ rẹ̀, ìyẹn Igbó Ńlá.

Ó tún sọ nípa àmì kan tí ó máa ń wà lórí fáwẹ́lì wọn, tí wọ́n ń pè ní síneadh fada. Bí a bá kọ “fear” láìfi àmì sí i, ọkùnrin ni. Bí a bá fi àmì lé e tí ó di “féar,” koríko ni. Ó ní ó máa ń dun òun púpọ̀ bí àwọn ọ́fíìsì bá ń yọ àmì náà kúrò lórí orúkọ ènìyàn nítorí pé kọ̀ǹpútà wọn kò gbà á. Màámi fi ìgúnpá gún mi. Olùkọ́ Yorùbá ni wọ́n títí wọ́n fi fẹ̀yìntì, kò sì sí ohun tí wọ́n bá akẹ́kọ̀ọ́ jà lé lórí tó àmì ohùn. Mo sọ fún ọkùnrin náà pé ní èdè tiwa, “ọkọ,” “ọkọ́” àti “ọkọ̀” kì í ṣe ohun kan náà, pé ọ̀kan ń fẹ́ ìyàwó, ọ̀kan ń roko, ọ̀kan sì ni èyí tí òun ń wà yìí.

Lẹ́yìn oríta náà, igi tán nílẹ̀. Àbàtà ni ó kù, ilẹ̀ pupa rúsúrúsú tí ó rọ̀ bíi kànrìnkàn, tí omi dúdú dúró káàkiri inú rẹ̀, àwọn òkè tí wọ́n ń pè ní Twelve Bens sì tò sẹ́yìn rẹ̀. A dúró díẹ̀ níbi tí àwọn kan ti ń gé ilẹ̀ àbàtà náà. Koríko àti ewéko tí ó ti kú láti ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún ni ó di ilẹ̀ yìí, nítorí pé omi kò jẹ́ kí wọ́n jẹrà tán. Wọ́n ń fi ọkọ́ tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí ó ní etí lẹ́gbẹ̀ẹ́ gé e ní ìrísí búlọ́ọ̀kù kékeré, wọ́n ń tò ó dúró kí afẹ́fẹ́ lè gbẹ ẹ́, wọn a sì dáná rẹ̀ nínú ilé nígbà òtútù. “Turf” ni wọ́n ń pè é. Amọ̀nà wa fi ẹyọ kan lé màámi lọ́wọ́. Ó fúyẹ́ ju bí wọ́n ṣe rò lọ.

Ẹ mú aṣọ òjò dání o, kì í ṣe agbòòrùn, nítorí afẹ́fẹ́ tí ó ń bọ̀ láti orí òkun Atlantic kì í jẹ́ kí agbòòrùn dúró. Òjò rọ̀ lé wa lórí nígbà mẹ́rin ní ọjọ́ náà, oòrùn sì ń ràn láàárín wọn.

Wákàtí méjì ni wọ́n fún wa ní Kylemore. Ilé aláràbarà kan ni ó wà ní ẹsẹ̀ òkè létí adágún omi, òun sì ni ó wà lára gbogbo káàdì tí wọ́n ń tà ní agbègbè náà. Mitchell Henry, olówó tí bàbá rẹ̀ ṣòwò aṣọ òwú ní Manchester, bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ọ ní 1867 fún Margaret ìyàwó rẹ̀. Ìyàwó náà kú ní 1874 nígbà tí wọ́n rìnrìn-àjò lọ sí Íjíbítì, ọkọ rẹ̀ sì kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì kékeré kan sí etí omi náà ní ìrántí rẹ̀. Àwọn sisita Benedictine tí ogun àgbáyé kìíní lé kúrò ní Ypres ní Bẹ́ljíọ́mù ni wọ́n wá ń gbé ibẹ̀ láti 1920, wọ́n sì ní ilé-ẹ̀kọ́ àwọn ọmọbìnrin níbẹ̀ títí di 2010. Ilé náà dára, n kò lè sọ pé kò dára. Ṣùgbọ́n bí mo ṣe ń wo yàrá ìjẹun tí wọ́n tẹ́ àwo àti ìgò sí, ọkàn mi kò kúrò ní orí àbàtà tí a ti kọjá, mo sì ń rò ó pé níbo ni àwọn ènìyàn ilẹ̀ yìí wà. Láti ìgbà tí a ti kúrò ní Maam Cross, àgùntàn tí a rí ju ènìyàn lọ lọ́nà tí kò ṣeé fi wéra.

Ìdáhùn ìbéèrè yẹn ni a bá pàdé ní Killary. Apá òkun kan ni, tí ó wọ inú ilẹ̀ lọ ní kìlómítà 16 láàárín òkè gíga, bí yìnyín àtijọ́ ṣe gbẹ́ ẹ sílẹ̀. Ìwọ̀n òkè Mweelrea tí ó wà lódìkejì omi jẹ́ mítà 814, òun ni ó ga jù ní gbogbo ẹkùn Connacht. Omi náà dákẹ́ rọ́rọ́. Ọkọ̀ dúró, gbogbo wa bọ́ sílẹ̀, àwọn èrò ń ya fọ́tò. Màámi kò ya fọ́tò kankan. Wọ́n dúró, wọ́n na ọwọ́ sí ẹ̀gbẹ́ òkè tí oòrùn ṣẹ̀ṣẹ̀ tàn sí ní ìhà kejì, wọ́n ní, “Àjọkẹ́, ta ni ó kọ ebè sí orí òkè yẹn?”

Mo wò ó, n kò rí nǹkan. Koríko ni mo rí. Wọ́n ní kí n wo òjìji. Nígbà náà ni mo rí i, ìlà gbọọrọ gbọọrọ tí ó tẹ̀lé ara wọn láti etí omi lọ sókè, koríko ti bò wọ́n, síbẹ̀ wọ́n hàn gbangba bí ara ìlù gángan ṣe ń hàn. Àgbẹ̀ ni bàbá màámi. Wọ́n ti mọ ebè kí wọ́n tó mọ ìwé.

Amọ̀nà wa gbọ́ tí mo ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ náà. Ó ní nínú gbogbo ọdún tí òun ti ń kó èrò wá síbẹ̀, òun ni òun máa ń fi han àwọn ènìyàn, kò sí ẹni tí ó rí i fúnra rẹ̀ rí. Ebè ọ̀dùnkún òyìnbó ni, ó sì ti wà bẹ́ẹ̀ láti ìgbà ìyàn ńlá. Ilẹ̀ tí ó dára wà lọ́wọ́ àwọn onílẹ̀, àwọn tálákà ni a tì sí orí òkè àti etí àbàtà. Wọ́n ń ru koríko inú òkun lọ sókè láti fi ṣe ajílẹ̀, wọ́n ń yí koríko ilẹ̀ dà lé e láti fi kọ ebè, nítorí pé ọ̀dùnkún yìí nìkan ni ohun ọ̀gbìn tí ó lè bọ́ ìdílé lórí ilẹ̀ kékeré tí kò lọ́ràá. Ẹ̀yà kan ṣoṣo, tí wọ́n ń pè ní “lumper,” ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ń gbìn. Ní 1845 àrùn kan dé, ó sọ ewé rẹ̀ di dúdú, ó sì mú kí ọ̀dùnkún náà jẹrà mọ́ inú ilẹ̀. Ó padà dé ní ọdún tí ó tẹ̀lé e. Ọkà àti màlúù sì ń bá ọkọ̀ ojú omi jáde kúrò ní Ireland ní gbogbo ìgbà náà. Àwọn ènìyàn tí ó wà ní erékùṣù náà ní 1841 lé ní mílíọ̀nù mẹ́jọ. Nígbà tí wọ́n tún ka ènìyàn ní 1851, wọn kò ju nǹkan bíi mílíọ̀nù mẹ́fà ààbọ̀ lọ. Nǹkan bíi mílíọ̀nù kan kú, mílíọ̀nù kan mìíràn sì wọ ọkọ̀ ojú omi lọ.

Ó nawọ́ sí ẹ̀yìn Mweelrea. Ó ní àfonífojì Doolough wà níbẹ̀, níbi tí ebi ti pa àwọn ènìyàn kú lójú ọ̀nà ní oṣù kẹta ọdún 1849. Láti Louisburgh ni wọ́n ti rin nǹkan bíi kìlómítà 19 nínú òtútù, nítorí pé wọ́n ní kí wọ́n wá fi ara hàn àwọn òṣìṣẹ́ tí yóò yẹ̀ wọ́n wò bóyá oúnjẹ ìrànwọ́ tọ́ sí wọn. Òkúta ìrántí wà níbẹ̀ di òní, àwọn ènìyàn sì máa ń rin ọ̀nà náà lọ́dọọdún.

Gbogbo ọjà ní ilẹ̀ wa ni a ti ń pe ọ̀dùnkún òyìnbó yìí ní “Irish.” Mo ti rà á ní Bódìjà ní àìmọye ìgbà, n kò sì ronú kan orúkọ náà rí. Mo fẹ́ sọ ọ́ fún ọkùnrin náà, ọ̀rọ̀ náà kò jáde.

Láti ìgbà náà ni n kò ti lè wo Connemara bí ibi tí kò sí ènìyàn rí. Nígbà tí a ń gba àfonífojì Maam padà lọ, ojú mi ti là: ògiri òkúta tí kò ní òrùlé mọ́, ahoro ilé tí igi hù láàárín rẹ̀, ebè, ebè, ebè. Ilẹ̀ tí mo ti ń pè ní ilẹ̀ ṣófo láti àárọ̀, oko ni. Awakọ̀ wa tan rédíò, ilé-iṣẹ́ rédíò Gaeilge tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1972, tí olú ilé-iṣẹ́ rẹ̀ wà ní Connemara níbẹ̀, obìnrin kan sì ń ka ìròyìn ní èdè tí ó ṣẹ́ kù lẹ́nu àwọn tí ó ṣẹ́ kù. Màámi kò sọ̀rọ̀ púpọ̀. Wọ́n gbé ìwé kékeré tí wọ́n ń kọ ìnáwó sí lé ẹsẹ̀.

Nígbà tí a dé Galway tí àwọn èrò ń sọ̀kalẹ̀, màámi ni ó gbẹ̀yìn. Wọ́n béèrè lọ́wọ́ amọ̀nà wa pé kí ni Gaeilge ń pe ohun tí wọ́n rí lórí òkè yẹn. Ó ní “iomaire” ni. Wọ́n ní kí ó kọ ọ́ sínú ìwé náà, wọ́n sì wò ó dáadáa, wọ́n bi í bóyá kò ní àmì lórí. Ó ní kò ní. Wọ́n gba bírò, wọ́n kọ “ebè” sí abẹ́ rẹ̀, wọ́n fi àmì sí i, wọ́n ní kí òun náà pè é. “Ẹ̀bẹ̀” ni ó kọ́kọ́ pè. Màámi ní rárá, ìyẹn ni ohun tí à ń bẹ ènìyàn, wọ́n sì pè é fún un. Ó dìde kúrò nídìí ọkọ̀, ó bọ́ fìlà, ó ń wo ẹnu wọn. Ní ìgbà kẹrin ni ó pè é bí ó ṣe yẹ.