Ẹkún abiyamọ

Wọ́n múná lọ ní Òkè-Ìlewó l'Ábẹ́òkúta lálẹ́ àná, jẹnẹrétọ̀ ń pariwo, èmi ń gé fíìmù kan, ibi tí ìyá kan ti ń sunkún ọmọ rẹ̀ tó kú. Olùdarí ní kí n fi gbogbo ẹkún náà sílẹ̀. Òṣèré ọ̀hún mọ ẹkún sun, ẹ má purọ́! Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ ká wo ojú àbúrò olóògbé."

Mo gbé ohùn ẹkún sórí ojú ọmọdé náà, àwòrán 48 péré. 24 ló ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ìyẹn ìṣẹ́jú àáyá 2.

Ẹ̀gbọ́n yọ awò ojú wọn, wọ́n ní kí n tún un gbé. (Ìdajì owó mi ṣì wà lọ́rùn wọn o!)

Ọ̀la, ó kan ìran ọjà Ìtòkú. Ariwo àwọn aládìrẹ ti bo ohùn òṣèré mọ́lẹ̀ pátápátá.