Ọ̀bẹ Lára Àwòrán

Ó ti pẹ́ díẹ̀ tí mo ti ń ya fíìmù dọkumẹ́ńtárì nípa àwọn ọ̀dọ́ oníṣẹ́ ọnà, ohun tí wọ́n sì máa ń bi mí jù ni bí mo ṣe ń mú kí wọ́n tú ọkàn wọn sílẹ̀ fún mi. N kì í mú ẹnikẹ́ni tú ọkàn sílẹ̀. Lẹ́ǹsì mìlímítà 35 ni mo ń lò, èyí tí kò lè fa ojú ènìyàn mọ́ra láti òkèèrè, nítorí náà ó di dandan kí èmi fúnra mi dúró níbi tí ọwọ́ ẹni tí mo ń yà ti lè tó mi. Ẹni náà ń rí mi, ó ń gbọ́ mímí mi, ó sì lè lé mi jáde nígbà tó bá wù ú. Lẹ́ǹsì gígùn tí ń fa ojú ènìyàn mọ́ra láti òkèèrè, ní tèmi, iṣẹ́ ẹni tí ń yọ́ni wò ni.

Ní nǹkan bí ọdún 1960 ni kámẹ́rà tí ń lo fíìmù tí fífẹ̀ rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 16, tí a lè gbé lé èjìká, pẹ̀lú ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀ kékeré, mú kí irú ìsúnmọ́ra yìí rọrùn. Bẹ́ẹ̀ ni D. A. Pennebaker, ayàwòrán fíìmù ará Amẹ́ríkà, ṣe tẹ̀ lé olórin Bob Dylan káàkiri ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1965, nígbà tí olórin náà kò tíì pé ọmọ ọdún 24. Róòlù fíìmù ẹsẹ̀ bàtà 400 máa ń tán láàárín nǹkan bí ìṣẹ́jú 11, ayàwòrán sì ní láti mọ ìgbà tí ó yẹ kí ó tẹ kámẹ́rà. Káàdì ìpamọ́ inú kámẹ́rà tiwa lóde òní ń gba ọ̀pọ̀ wákàtí, ó sì ti sọ wa di ọ̀lẹ.

Ọmọbìnrin kan wà, ọmọ ọdún 19, tí ó fi ọjọ́ mẹ́ta kun àwòrán ojú ìyá rẹ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ kẹrin, ó mú ọ̀bẹ, ó sì ha ojú inú àwòrán náà kúrò láti iwájú orí dé àgbọ̀n, láìsọ̀rọ̀, tí ọ̀dà tútù sì ń já bọ́ sórí bàtà mi. Nígbà tí mo gbọ́ ohun tí makirofóònù ọrùn aṣọ rẹ̀ gbà ni mo tó mọ̀ pé ó ń kà á sẹ́nu: ení, èjì, ẹ̀ta, bí ọ̀bẹ ti ń lọ.

Kí a tó bẹ̀rẹ̀ ni mo ti ṣèlérí fún un pé ohun tí kò bá fẹ́ kò ní jáde, nítorí pé ẹni ọdún 19 kò lè mọ ohun tí yóò tì í lójú bí ó bá pé 30. Ó wo fíìmù náà tán, ó ní: “Ẹ jẹ́ kí ọ̀bẹ wà, ṣùgbọ́n ẹ bá mi yọ ohùn yẹn.” Ó dùn mí wọra, nítorí ibẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù. Mo yọ ọ́. (Ó gbà kí n kọ ọ́ síbí, ohùn rẹ̀ gan-an ni kò fẹ́ kí a gbọ́.) Ọ̀bẹ nìkan ni àwọn òǹwòran ń rí báyìí, èmi sì ń bá a kà á títí dé ẹẹ́tàlá, níbi tí ó ti dúró.