Fetisov ò sá lọ

Oṣù Karùn-ún ọdún 1989 ni, ní Stockholm, tíìmù Sófíẹ̀tì ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ife àgbáyé ice hockey, ìyẹn hockey orí yìnyín, tán, 10 ni wọ́n gbá, wọ́n sì borí nínú gbogbo ẹ̀. Bí wọ́n ṣe ń múra àtipadà sí Moscow, ọmọ ọdún 20 kan nínú wọn tó ń jẹ́ Alexander Mogilny yọ́ jáde lọ bá àwọn ará tíìmù Buffalo tí wọ́n ti wá dè é, ó di Amẹ́ríkà. Torí pé orúkọ ẹ̀ wà nínú ìwé àwọn sójà, sójà tó sá lẹ́nu iṣẹ́ ni wọ́n kà á sí nílé.

Kápútẹ́nì tíìmù yẹn náà wà ní Stockholm. Ọmọ ọdún 31 ni, ó sì ti ju ọdún kan lọ tó ti ń bá ìjọba fà á pé kí wọ́n jẹ́ kóun lọ ṣiṣẹ́ ní Amẹ́ríkà. Tó bá fẹ́ sá, ọ̀nà là fún òun náà, New Jersey Devils, tíìmù kan ní Amẹ́ríkà, ti mú orúkọ ẹ̀ sílẹ̀ láti 1983, wọ́n kàn ń retí ẹ̀ ni. Kò sá. Ó wọ bàálù padà sílé. Viacheslav Fetisov lorúkọ ẹ̀, Slava ni wọ́n ń pè é, ó sì ti pẹ́ tí ọ̀rọ̀ ọkùnrin yìí ti ń jẹ mí lọ́kàn.

Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ sọ irú dìfẹ́ńdà tó jẹ́. Nínú hockey, yàtọ̀ sí gólì, èèyàn 5 ló ń wà lórí yìnyín fún tíìmù kan, dìfẹ́ńdà 2, àwọn 3 tó kù wà níwájú. Iṣẹ́ tí ọ̀pọ̀ èèyàn ní Kánádà mọ̀ mọ dìfẹ́ńdà nígbà yẹn ò ju pé kó dí ọ̀nà mọ́ ẹni tó ń bọ̀, kó fi ara rọ́ ọ mọ́ pátákó, kó sì gbá pọ́ọ̀kì, ohun pẹlẹbẹ tí wọ́n ń gbá bíi bọ́ọ̀lù, jìnnà sí gólì. Lóòótọ́, Bobby Orr ti fi hàn wọ́n ní Boston pé dìfẹ́ńdà lè ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n ti Fetisov tún yàtọ̀, torí tó bá gba pọ́ọ̀kì lẹ́yìn gólì báyìí, ẹ wo ojú ẹ̀ nínú fídíò, kì í wo ilẹ̀ rárá, orí ẹ̀ á wà lókè, á máa yọ̀ bọ̀ jẹ́jẹ́ bí ẹni tí ò kánjú, á dúró dìgbà tí ẹnì kan bá sún mọ́ ọn, á wá fi pọ́ọ̀kì ránṣẹ́ síbi tí ò sí ẹnikẹ́ni, kẹ́ ẹ tó ṣẹ́jú, èèyàn ẹ̀ ti dé ibẹ̀. Lẹ́yìn náà òun fúnra ẹ̀ á tẹ̀ lé e lọ síwájú. Ẹni tó bá ń wo bọ́ọ̀lù á mọ irú ẹ̀, dìfẹ́ńdà tí bọ́ọ̀lù bá dé ẹsẹ̀ ẹ̀, tí ọkàn gbogbo ẹni tó ń wòran á balẹ̀.

Alexei Kasatonov ni wọ́n jọ ń dúró lẹ́yìn, Makarov, Larionov àti Krutov wà níwájú. Àwọn 5 yìí ò láfiwé. Kì í ṣe pé wọ́n kàn mọ ọn gbá, wọ́n jọ ń gbé ni. CSKA ni kíláàbù wọn, kíláàbù àwọn sójà, ọmọkùnrin tó bá ti dáa níbi yòówù ní Sófíẹ̀tì, wọ́n lè gbà á síṣẹ́ ológun kó di tiwọn, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi gba ife líìgì lẹ́ẹ̀mẹ́tàlá tẹ̀lé ara wọn, 1977 sí 1989. Kóòṣì wọn, Viktor Tikhonov, ló kó wọn sí àgọ́ kan lẹ́yìn Moscow, ibẹ̀ ni wọ́n ń wà fún ọ̀pọ̀ oṣù nínú ọdún, ẹni tó níyàwó náà ò lè sùn sílé ẹ̀ àfi tí wọ́n bá yọ̀ǹda. Mo mọ̀ pé wọ́n gba àmì-ẹ̀yẹ wúrà Olympics ní Sarajevo 1984 àti Calgary 1988, mo mọ̀ pé ìgbà 7 ni Fetisov gba ife àgbáyé, ṣùgbọ́n mi ò rò pé ó yẹ kí wọ́n ti èèyàn mọ́lé torí kó lè mọ eré ṣe.

Ní 1985, àbúrò ẹ̀, Anatoly, tóun náà ń gbá hockey, kú nínú ìjàm̀bá ọkọ̀. Slava ló wà nídìí ọkọ̀ náà. Mi ò mọ bí èèyàn ṣe ń ru irú ẹrù bẹ́ẹ̀ padà sórí pápá.

Fetisov sọ pé wọ́n ti ṣèlérí fóun pé tí wúrà Calgary bá ti wọlé, òun lè máa lọ. Wúrà wọlé, wọ́n yí ohùn padà. Ìjọba tún fẹ́ kí èyí tó pọ̀ jù nínú owó tó bá máa gbà ní Amẹ́ríkà máa wọ àpò àwọn, òun ní rárá, ẹni tó ṣiṣẹ́ ló lowó. Ó bá kóòṣì ẹ̀ jà ní gbangba nínú ìwé ìròyìn, wọ́n yọ ọ́ kúrò nínú tíìmù, ó lóun lọ sọ́dọ̀ mínísítà ètò ààbò, ìyẹn sì jágbe mọ́ òun, ó ń fi Siberia, ilẹ̀ òtútù tí wọ́n ń lé èèyàn lọ fún ìyà, dẹ́rù ba òun. Ẹni tí gbogbo ìlú ń kí tẹ́lẹ̀ wá di ẹni tí àwọn èèyàn ń yẹra fún. Larionov ò yẹra ní tiẹ̀, òun ti kọ lẹ́tà gbangba sí Tikhonov láti 1988. Nígbà tí ìdíje Stockholm wá ń bọ̀, àwọn kan nínú àwọn tí wọ́n jọ ń gbá a jókòó sórí tẹlifíṣọ̀n, wọ́n ní bí Slava ò bá lọ, àwọn náà ò lọ. Bí wọ́n ṣe dá a padà nìyẹn. Kasatonov ò sí nínú wọn.

Ìgbà tí wọ́n ti Stockholm dé ni ìwé àṣẹ jáde, ẹnu ọ̀nà ló gbà dé New Jersey. Ibẹ̀ ò rọrùn, wọ́n ń rọ́ ọ lulẹ̀, àwọn kan rò pé ó wá gba iṣẹ́ mọ́ ọmọ onílé lọ́wọ́ ni. Kò pẹ́ Kasatonov náà dé síbẹ̀, wọ́n tún jọ ń gbá dìfẹ́ńdà, ẹni 2 tí wọn ò jọ sọ̀rọ̀.

Detroit Red Wings mú un ní 1995, ẹni ọdún 36. Kóòṣì Scotty Bowman kó Rọ́ṣíà 5 jọ, òun, Larionov, Fedorov, Kozlov àti Vladimir Konstantinov, ó ní kí wọ́n gbá a bí wọ́n ṣe ń gbá a nílé. Ní oṣù Kẹfà 1997, Detroit gba Stanley Cup, ife líìgì hockey Amẹ́ríkà àti Kánádà, tí wọn ò gbà fún ọdún 42. Ní àṣà wọn, kápútẹ́nì ló ń kọ́kọ́ gbé ife yẹn yí yìnyín ká, kó tó yan ẹni tó kàn. Fetisov ni Steve Yzerman gbé e fún. Òun náà ò dá gbé e lọ, ó pe Larionov, àwọn méjèèjì jọ dì í mú.

Ọjọ́ 6 lẹ́yìn ẹ̀, limousine tó gbé Fetisov, Konstantinov àti Sergei Mnatsakanov, ẹni tó ń fún wọn níṣan, lọ kọlu igi. Fetisov ṣèṣe, ó dìde. Àwọn 2 yòókù ò bọ̀ sípò mọ́ láé. Ọkọ̀ ẹlẹ́ẹ̀kejì rèé nínú ayé ẹ̀, àfi bíi pé ti àbúrò ẹ̀ ò tó.

Lẹ́yìn ìgbà tó fẹ̀yìn tì, ó ṣe kóòṣì Rọ́ṣíà ní Olympics 2002, ó ṣolórí ètò eré ìdárayá orílẹ̀-èdè ẹ̀, ó bá òṣèlú lọ, gbogbo ohun tó ń ṣe níbẹ̀ kọ́ ni mo fara mọ́. Fídíò 1998 ni mo máa ń padà lọ wò. Detroit tún gba ife, ní Washington, àmì tó ń sọ pé kí wọ́n gbàgbọ́ wà láyà ẹ̀wù wọn ní Gẹ̀ẹ́sì àti Rọ́ṣíà, wọ́n ti Konstantinov bọ̀ sórí yìnyín nínú kẹ̀kẹ́ aláìlèrìn, Yzerman gbé ife náà lé e lẹ́sẹ̀, Fetisov, ẹni ogójì ọdún, di kẹ̀kẹ́ náà mú lẹ́yìn, òun àti Larionov rọra ń tì í lọ.