Ẹni tó dúró lójú ìran

Nínú gbogbo ìwàkuwà tí wọ́n fi ń pa èèyàn lẹ́rìn-ín nínú sinimá àtijọ́ tí kì í sọ̀rọ̀, èyí tó mú mi jù ni tẹni tó bá dúró síwájú tí ò jẹ́ ká ríran. Torí tí wọ́n bá gbá ẹnì kan nídìí tàbí tí wọ́n da omi sí i lára, ẹlòmíì ni wọ́n ṣe é fún, èmi kàn jókòó ń wò ó ni. Tẹni tó dí mi lójú, èmi gan-an ló ṣe é fún.

Ní 1909 D.W. Griffith ṣe fíìmù kan, Those Awful Hats, bí ìṣẹ́jú mẹ́ta péré. Inú ilé sinimá ni, àwọn obìnrin kàn ń wọlé ṣáá, àkẹtẹ̀ gàgàrà lórí wọn, bí wọ́n ṣe ń jókòó làwọn tó wà lẹ́yìn ò rí nǹkan kan mọ́, ni ariwo bá sọ, àfi bí irin kan ṣe já wálẹ̀ látòkè tó gbé àkẹtẹ̀ ẹnì kan lọ, ó tún padà wá, ó gbé obìnrin kan lọ tòun tàkẹtẹ̀ ẹ̀! Ẹ̀rín ń pa mí bí mo ṣe ń kọ ọ́ yìí.

Mack Sennett wà lára àwọn tó ṣeré níbẹ̀. Òun náà ló wá dá Keystone, ilé iṣẹ́ tó ń ṣe fíìmù apanilẹ́rìn-ín, sílẹ̀ ní 1912, ibẹ̀ sì ni Charlie Chaplin ti ṣe Kid Auto Races at Venice ní 1914, Venice ti Califọ́níà o, kì í ṣe ti Ítálì. Àwọn ọmọdé ń fi ọkọ̀ kékeré sáré, ìdíje gidi, èrò gidi, Chaplin wá kó ṣòkòtò fẹ̀ǹfẹ̀ wọ̀ pẹ̀lú bàtà ńlá àti ọ̀pá lọ́wọ́, ó lọ dúró síwájú kámẹ́rà. Wọ́n tì í kúrò, ó gba ẹ̀gbẹ́ kejì yọ. Wọ́n tì í ṣubú, ó dìde, ó ṣe bí ẹni tó kàn ń kọjá lọ jẹ́jẹ́, ó tún dúró. Henry Lehrman tó ń tì í nínú fíìmù náà, òun gan-an ni dáírẹ́kítọ̀ ẹ̀.

Ẹ wo ojú àwọn èrò ẹ̀yìn ẹ̀ dáadáa o. Nígbà yẹn kò tíì sí fíìmù Chaplin kankan níta, wọn ò mọ̀ ọ́n rí, àwọn kan ń wò ó tìyanutìyanu, àwọn ọmọdé ti ń rẹ́rìn-ín. Nígbà tó máa fi parí, ó ti sún mọ́ kámẹ́rà débi pé ojú ẹ̀ nìkan la rí, ó wá ń fún un pọ̀ sí wa.