Láti Ìga Ìdúngànran dé Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó: Ogun Tó Pín Ilé Kan sí Méjì

Ìwé ìtàn àròsọ tí mò ń kọ fún àwọn ọ̀dọ́ dá lórí ẹbí kan tí ogun Èkó ti ọdún 1851, ìjà oyè láàárín Ọba Kòsọ́kọ́ àti Akíntóyè tó jọba ṣáájú rẹ̀, tú ká. Bàbá tẹ̀ lé Kòsọ́kọ́ lọ sí Ẹ̀pẹ́, ìyá sì dúró sí Ìsàlẹ̀ Èkó láàárín àwọn ará ilé rẹ̀ tí wọ́n ń ṣe ti Akíntóyè. Kí n tó kọ orí tí ìjà yóò ti bẹ́ sílẹ̀, mo fẹ́ fi ẹsẹ̀ ara mi tẹ ilẹ̀ tí ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀, ni mo bá wọ dáńfó ní Yábàá lówùúrọ̀ Sátidé kan, mo gba orí afárá Carter, mo sì sọ̀ ní Ìdúmọ̀tà.

Ti Ìdúmọ̀tà kò ṣẹ̀ṣẹ̀ nílò àpèjúwe. Mo rọra yọ láàárín àwọn alágbàrù, mo gba Ẹnu-Ọ̀wá, mo sì dúró lókèèrè wo Ìga Ìdúngànran, níbi tí ọba Èkó ń gbé títí di òní. Láti ibẹ̀ ni mo ti rìn lọ sí Eréko, àdúgbò tí Akíntóyè fi Kòsọ́kọ́ jẹ Ọlọ́jà lé lórí. Òógùn kò tíì bọ́ lójú mi tí mo fi débẹ̀. Bí mo ṣe ń ka ìtàn yìí nínú ìwé, ńṣe ló máa ń dà bíi pé ìlú méjì ló dojú ìjà kọ ara wọn, ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹsẹ̀ rìn ín yóò mọ̀ pé ẹni tó wà ní ìhà kan lè gbọ́ ìlù tí wọ́n ń lù ní ìhà kejì.

Wọ́n sì ń gbọ́ ọ ní tòótọ́. Akíntóyè ni àbúrò bàbá Kòsọ́kọ́. Nígbà tí Ọba Olúwọlé wàjà ní 1841, Kòsọ́kọ́ wà ní Wídà ní ilẹ̀ Dàhòmì, oyè sì bọ́ sọ́wọ́ Akíntóyè. Òun fúnra rẹ̀ ló ní kí ọmọ ẹ̀gbọ́n òun máa bọ̀ wálé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé Ẹlẹ́tù Òdìbò, olóyè ńlá kan tí òun àti Kòsọ́kọ́ ti ń bá ara wọn fa ọ̀rọ̀ tipẹ́, kìlọ̀ fún un títí, tó sì fi ìbínú kó lọ sí Àgbádárìgì. Nígbà tí Akíntóyè ní kí Ẹlẹ́tù padà wá, Kòsọ́kọ́ yarí. Ìtàn Èkó sọ pé ńṣe ni wọ́n ń fi ẹnu akéde ránṣẹ́ èébú sí ara wọn káàkiri ìgboro: Akíntóyè ní òun dà bí èèkàn tí wọ́n gbá wọlẹ̀ ṣinṣin, Kòsọ́kọ́ sì ní òun ni òun yóò hú u. Ní 1845, Ogun Olómirò bẹ́ sílẹ̀, wọ́n sé Akíntóyè mọ́nú ìga, èèkàn náà sì hú, Kòsọ́kọ́ sì jọba.

Orí ohun tó tẹ̀ lé èyí ni ọkàn mi dúró sí jù. Òṣòdì Tápà, ọmọ Tápà tó di ẹrú ní ilé bàbá Kòsọ́kọ́, tó sì di balógun Kòsọ́kọ́, ló ń ṣọ́ ojú omi ní Àgbòyí. Wọ́n ní ó rí Akíntóyè tó ń sá lọ, ó sì jẹ́ kó kọjá. Ọ̀tá ọ̀gá rẹ̀ ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n àbúrò ẹni tó tọ́ ọ dàgbà ni pẹ̀lú. Kí ni òǹkọ̀wé tún ń wá?

Akíntóyè gba Abẹ́òkúta dé Àgbádárìgì, níbẹ̀ ni ó ti bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì mulẹ̀ pé òun yóò fòpin sí òwò ẹrú. Ní ọjọ́ 26 àti 27 oṣù Kejìlá ọdún 1851, àwọn Gẹ̀ẹ́sì yin àgbá lu Èkó títí apá kan ìlú fi jóná. Ìró àgbá náà ni wọ́n fi ń pe ogun yìí ní Àgídìngbì. Nígbà tí ilẹ̀ ọjọ́ 28 yóò fi mọ́, Kòsọ́kọ́ ti gba orí ọ̀sà lọ. Ogun òyìnbó àti olówò ẹrú nìkan ni wọ́n fi kọ́ wa nílé ẹ̀kọ́, mi ò sì rò pé ó tó. Ọdún 1862 ni Kòsọ́kọ́ àti àwọn ènìyàn rẹ̀ tó rí àyè padà, lẹ́yìn tí Dòsùnmú, ọmọ Akíntóyè, ti fi Èkó lé àwọn Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́ ní 1861. Ọmọ ọdún 7 tí bàbá rẹ̀ fi sílẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ àgbá yóò ti pé ọmọ ọdún 18 kí wọ́n tó tún fojú kanra.

Eréko ni Kòsọ́kọ́ padà sí, tó sì kú ní 1872. Òṣòdì àti àwọn tirẹ̀ gba ilẹ̀ tí a ń pè ní Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó, agboolé 21. (Ibẹ̀ náà ni M.K.O. Abíọ́lá ti kéde ara rẹ̀ ní ààrẹ ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹfà ọdún 1994, èyí sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi mọ àdúgbò náà.) Nínú agboolé kan tí mo yà sí, obìnrin kan ń ṣa ìrẹsì lórí àtẹ, ó ń fi ìka ta òkúta sí ẹ̀gbẹ́ kan láì wo ojú àtẹ náà. Bàbá àgbàlagbà kan jókòó sẹ́nu ọ̀nà.

“Ẹ kú ìjókòó, bàbá.”

“Oo. Ọmọ ta ni ẹ́?”

Mo sọ ohun tí mo bá wá, mo sì bi í bóyá ọmọ Ẹ̀pẹ́ ni wọ́n.

“Ẹ̀pẹ́ làwọn bàbá wa ti bọ̀, ṣùgbọ́n Èkó ni wọ́n ti lọ. A ṣì ní ẹbí níbẹ̀, àwọn tí wọ́n ń pè ní Èkó Ẹ̀pẹ́. Bí ìnáwó bá wà lọ́hùn-ún, a ó lọ. Bó bá sì wà níbí, wọ́n á wá.”

“Àwọn ẹbí tó wà ní ìhà ìga ńkọ́?”

Bàbá rẹ́rìn-ín. “Ìyá tó bí mi, ọmọ ibẹ̀ ni.”

Mo ti fi ìbéèrè kejì yẹn sẹ́nu ọmọbìnrin inú ìwé mi. Àgbòyí ni mo tún fẹ́ lọ, kí n fi ojú rí bí omi ibẹ̀ ṣe fẹ̀ tó láàárín ọkọ̀ ẹni tó ń sá àti ọkọ̀ ẹni tó ń ṣọ́nà.