Àyẹ̀wò ọdún mi: ohùn ni mo kà lọ́tẹ̀ yìí

Lọ́dọọdún tí mo bá jókòó ṣe àyẹ̀wò ọdún, owó ni mo máa ń kọ́kọ́ kà: iye tó wọlé, iye tó jáde, ẹni tó jẹ mí lówó tí kì í gbé ìpè mi mọ́. Tọdún yìí yàtọ̀. Ohùn ni mo fẹ́ kà.

Ọdún 31 ni mo fi wà ní ìlà soprano, ohùn obìnrin tó ga jù, nínú ẹgbẹ́ akọrin ìjọ wa. Lóṣù Kẹta, láàárín ìdánrawò, ọ̀gá akọrin ní kí n sún sọ́dọ̀ àwọn alto, tí ohùn tiwọn wà nísàlẹ̀. Lẹ́nu ọjọ́ mẹ́ta yìí, bí mo bá ti gun òkè, ohùn mi á ya. Ó mọ̀, èmi náà mọ̀, àmọ́ iwájú àwọn ọmọ tí mo fọwọ́ ara mi kọ́ ló ti sọ ọ́. Mo rẹ́rìn-ín, mo kó ìwé orin mi, mo sún. Ìgbà tí mo délé ni mo tó sunkún.

Ọ̀sẹ̀ yẹn ni ọmọ mi fi orin Lotte Lehmann ránṣẹ́ sórí fóònù mi. Ó ní, “Mọ́mì, ẹ gbọ́ ìyá yìí.” Ará Jámánì ni, Perleberg ni wọ́n bí i sí ní 1888. Ọ́pẹ́rà ni iṣẹ́ rẹ̀. (Ẹni tó bá ti wo eré Dúró Ládípọ̀ rí, tí wọ́n ń fi orin sọ ìtàn, kò nílò kí n ṣàlàyé.) Ohun tó kọ́kọ́ mú mi ni pé wọ́n lé e. Ilé ẹ̀kọ́ Etelka Gerster tó ń lọ ní Berlin ní kó máa lọ, pé kò lẹ́bùn. Olùkọ́ mìíràn, Mathilde Mallinger, ló gbà á sọ́dọ̀. Ní 1910 ó dé ilé ọ́pẹ́rà Hamburg, ipò kéékèèké ni wọ́n ń fún un, títí di 1912 tó ṣe Elsa nínú ọ́pẹ́rà Lohengrin, tí Otto Klemperer darí orin náà. Láti ìgbà yẹn, ọ̀rọ̀ pé kò lẹ́bùn ti di àwàdà. Ó wọ ilé ọ́pẹ́rà Vienna, ní Austria, ní 1916, nígbà tó sì di 1919 òun ló kọ́kọ́ ṣe ìyàwó aláró nínú ọ́pẹ́rà tí Richard Strauss gbé jáde níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, aláró, bíi tiwa l’Ábẹ́òkúta.

Kì í ṣe pé kò lábùkù o. Èémí rẹ̀ kúrú. Ẹ ó gbọ́ ọ nínú àwo rẹ̀, á mí sáàárín gbólóhùn níbi tí olùkọ́ kò ní gbà fún akẹ́kọ̀ọ́. Èmi tí mo ti torí èémí gba orin àdákọ lọ́wọ́ ọmọ méjì rí, ojú tì mí.

Der Rosenkavalier, ọ́pẹ́rà Strauss mìíràn, ni mo wá ń gbé sùn, tí mo ń gbé jí. Ipò mẹ́ta ni Lehmann ṣe nínú rẹ̀ láyé rẹ̀: ó ṣe Sophie, ọmọge tí wọ́n fẹ́ fi fọ́kọ, ó ṣe Octavian, ọ̀dọ́mọkùnrin tí obìnrin ń kọ ohùn rẹ̀, ó wá ṣe Marschallin, ìyàwó ọ̀gágun tó ń yan ọ̀dọ́mọkùnrin náà lálè, tó sì ti mọ̀ pé ọmọge kan máa tó gbà á. Obìnrin yìí ní ìgbà mìíràn wà tí òun máa ń dìde lóru, tí òun á dá gbogbo aago ilé dúró. Nígbà tí mo ka ìtumọ̀ ibẹ̀, mo pa fóònù.

Ní 1938 tí Hitler gba Austria, Amẹ́ríkà ni Lehmann sá lọ, nítorí Júù ni ìyá tó bí àwọn ọmọ ọkọ rẹ̀. Ọdún tó tẹ̀lé e ni ọkọ náà kú. Ó ṣì ń kọrin. Ó di ọjọ́ 16 oṣù Kejì 1951, ní Town Hall, New York, ó dìde láàárín ètò, ó ní òun ò tún ní kọrin báyìí mọ́. Àwọn èèyàn kígbe pé rárá. Ó dá wọn lóhùn pé òun ti ń retí kí wọ́n kọ̀, ṣùgbọ́n kí wọ́n má bá òun jiyàn: Marschallin wo dígí, ó ní ó tó àkókò, òun náà sì ti wo dígí. Orin Schubert ló fi kádìí, ẹkún ò jẹ́ kó parí rẹ̀. Ẹni ọdún 62 ni. Kò sẹ́ni tó sún un sí ìlà kankan. Ibi tí èmi àti ẹ̀ ti yàtọ̀ nìyẹn, ó sì ń dùn mí di báyìí.

Santa Barbara ní California ló gbé kọ́ni lẹ́yìn ìyẹn, ní Music Academy of the West tó bá wọn dá sílẹ̀ ní 1947. Ibẹ̀ ni Grace Bumbry ti kẹ́kọ̀ọ́ lọ́dọ̀ rẹ̀, ọmọ aláwọ̀ dúdú láti St. Louis, tí ilé ẹ̀kọ́ orin kan nílùú rẹ̀ kò jẹ́ kó bá àwọn aláwọ̀ funfun jókòó ní kíláàsì. Ní 1961 Bumbry ṣe Venus nínú ọ́pẹ́rà Tannhäuser ní Bayreuth, ní Jámánì tí Lehmann ti wá. Àwọn kan ti ń binú nítorí àwọ̀ rẹ̀ kó tó débẹ̀ rárá. Nígbà tó kọrin tán, ìgbà 42 ni wọ́n pàtẹ́wọ́ pè é padà.

Láti oṣù Karùn-ún, ọmọbìnrin mẹ́fà ń wá sí pálọ̀ mi ní Sátidé. Títí di oṣù Kẹwàá, ohùn ara mi ni mo ń kọ́ wọn. Ọ̀kan tiẹ̀ ti ń ṣu ẹnu bíi tèmi. Lehmann kọ ọ́ sínú ìwé kan ní 1945 pé àfarawé ni ọ̀tá iṣẹ́ ọnà, mo kà á, mo wo ọmọ yẹn, mo pa dùùrù dé. Ní báyìí, a máa ń ka ọ̀rọ̀ orin bí ẹni ń sọ̀rọ̀ ná, ká tó kọ ọ́, torí àwọn ohùn orin òyìnbó tí wọ́n fi kọ orin ìjọ wa lè sọ ọkọ̀ di ọkọ́ lẹ́nu èèyàn.

Lálẹ́ ọjọ́ 24, àárín ìjọ ni mo jókòó sí. Ọ̀kan nínú wọn dá kọrin, ó mí síbi tí kò yẹ, ó sì ń bá tirẹ̀ lọ. Mi ò bá a wí. Méjì tún ń bọ̀ lóṣù Kínní. Ọ̀kan jẹ́ ọkùnrin, ohùn rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ki. Mi ò tíì mọ ohun tí màá ṣe fún un.